Tíṣà Oníbàlúùnù

Ìyàwó mi ọ̀wọ́n,

Ara mi le, iṣẹ́ ń lọ geere. Inú mi dùn pé kẹ́mísírì ti ń yé ọ.

O ní tíṣà yín so bàlúùnù mẹ́rin pọ̀ láti fi bí apá mólékù ṣe ń ti ara wọn jìnnà hàn ọ́. Èmi náà fẹ́ mẹ́rin nínú yàrá mi, ọ̀kan sì bẹ́ mọ́ mi lójú. Ẹ̀rín pa mí. Mo tún kà á pé igun inú mólékù omi kéré sí igun àárín àwọn bàlúùnù mẹ́rin náà. Ṣé ó sọ fún ọ?

Àmọ́ Sátidé ni mo pè ọ́ lórí fóònù, kò sí kíláàsì, mo sì gbọ́ ohùn tíṣà yín ní pálọ̀ wa. Mo kàn ń béèrè ni.

Bá mi kí Màmá àtàwọn ọmọ. Kí tíṣà náà. Sọ fún un pé ọkọ rẹ ló kí i.