Bí Mo Ṣe Bá Obìnrin Inú Fóònù Sọ̀rọ̀ Owó Oṣù Rẹ

Ọmọ mi àtàtà,

Ṣé ara le? Ṣé ọkàn balẹ̀? Àwọn ọmọ onírùngbọ̀n tí ò ń kọ́ ní ilé ìwé gíga yẹn ńkọ́, ṣé wọn ò fi ariwo gbé ọ lórí? Ọlọ́run tí kò jẹ́ kí ohùn rẹ há lọ́dún tó kọjá kò ní jẹ́ kó há lọ́dún yìí. Àlàáfíà la wà nílé. Ìyá rẹ kí ọ, ó ní eyín tó ń dun òun ti kúrò, eyín gan-an ló kúrò, kì í ṣe ìrora nìkan. Ẹ̀gbọ́n rẹ kun ilé, àmọ́ ọ̀dà tán kó tó dé ìsàlẹ̀, ilé wá dà bí ẹni tó bọ́jú tí kò fọ ẹsẹ̀.

Ọ̀rọ̀ owó oṣù rẹ ló mú mi kọ̀wé. Nígbà tí o ní o ń ṣe adelé fún olùkọ́ tó lọ bímọ, mo rò pé ìjókòó lásán ni, bí ìgbà tí èèyàn bá báni gba àyè sílẹ̀ lórí ìlà. Àfi ìgbà tí o wálé tí o ní ìwọ lò ń kọ́ wọn, ìwọ lò ń fún wọn ní ìdánwò, ìwọ lò ń máàkì rẹ̀, ìdajì owó ni wọ́n sì ń san fún ọ torí pé adelé ni ọ́. Mo rí bàtà rẹ tó ya lẹ́nu. O ní bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń wọ̀ ọ́ nígboro báyìí, mo sì gbà, mo tiẹ̀ fẹ́ la tèmi náà lẹ́nu kó lè bá ìgbà mu. Ìyá rẹ ni kò gbà. Nígbà tí o lọ tán, ó jókòó sẹ́yìn ilé, ó sunkún, ó ní ọmọ òun ti fẹ́ fi iṣẹ́ náà sílẹ̀, kò kàn fẹ́ sọ fún wa ni.

Ìyẹn ló ká mi lára. Mo mú ìwé ìgbàsíṣẹ́ rẹ tí o gbàgbé sílé, mo lọ bá Baba Ṣájà tó ń bá gbogbo wa ṣáájì fóònù, ó bá mi tẹ nọ́ńbà tó wà nísàlẹ̀ ìwé náà. Obìnrin kan gbé e. Ọmọ mi, obìnrin náà níwà. Mi ò tíì kí i tán tó ti ní ìpè yín ṣe pàtàkì sí wa. Láti ìgbà tí mo ti ń sọ̀rọ̀ nínú ilé yìí, kò sẹ́ni tó sọ bẹ́ẹ̀ fún mi rí. Mo ní màdáámù, odindi iṣẹ́ lọmọ mi ń ṣe, ìdajì owó lẹ̀ ń san. Ṣé tó bá kọ́ wọn dé ìdajì, ó máa ń ní kí wọ́n máa lọ sílé ni? Ó ní kí n tẹ eéjì. Mo tẹ̀ ẹ́. Ó ní kí n dúró, ó sì fi orin sí i fún mi. Mo mọ̀ pé ó lọ bá àwọn ọ̀gá rẹ̀ sọ ọ́ ni. A gbọ́ orin náà títí káàdì fi tán. Baba Ṣájà ní ẹ̀rọ ni, kì í ṣe èèyàn. Mo ní ẹ̀rọ wo ló máa mọ̀wà á hù tó bẹ́ẹ̀?

Kò pẹ́ sígbà náà lo pè pé wọ́n ti gbà. O ní gbogbo ẹ̀yin adelé jọ lọ bá ìgbìmọ̀ ilé ìwé, pé ìwọ lo dìde sọ̀rọ̀, àti pé agbẹjọ́rò wọn fúnra rẹ̀ ló ka òfin jáde pé ẹni tó bá ṣe iṣẹ́ olùkọ́ látòkèdélẹ̀ ló ni owó rẹ̀ látòkèdélẹ̀, kí wọ́n sì san èyí tí wọ́n ti jẹ sẹ́yìn. Inú mi dùn pé o dìde bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n jọ̀wọ́, bá mi dúpẹ́ lọ́wọ́ obìnrin náà, òun ló kọ́kọ́ lanà. Ìyá rẹ ní àdúrà òun ni. A ò tíì parí ìjà yẹn.

Ohun kan ló ń kọ mí lóminú: olùkọ́ tó bímọ yẹn á padà. Mo ti bẹ̀rẹ̀ àdúrà pé kí Ọlọ́run tètè fún un ní òmíràn. Ìyá rẹ ní kí n fi obìnrin olóbìnrin lọ́rùn sílẹ̀, kí n gbàdúrà kí wọ́n gba ọmọ mi síṣẹ́ gidi. Mo ń gba méjèèjì, èyí tó bá yá kó ṣáájú.

Tí owó bá dé, fi díẹ̀ ránṣẹ́ sí wa, òrùlé ilé ìdáná ń jò. Má fi gbogbo rẹ̀ sínú fóònù mi lẹ́ẹ̀kan náà, fóònù kékeré ni, pín in sọ́nà méjì kó má baà bẹ́ ẹ. Èyí tí o fi ránṣẹ́ níjelòó, mo tú ẹ̀yìn fóònù, bátìrì nìkan ni mo bá. Báńkì ni wọ́n ti ní ọ̀dọ̀ àwọn ló wà. Mi ò mọ ìgbà tó jáde.

Ibi tí o bá gbìn sí, ibẹ̀ ni wàá ti kórè. Ẹlòmíràn ò ní jẹ èrè iṣẹ́ rẹ. Bí wọ́n bá ń pe orúkọ àwọn tó tó gbangba í sùn lọ́yẹ́, wọn ò ní fo tìrẹ.

Èmi ni bàbá rẹ. Ìyá rẹ ní kí n fi kún un pé kí o máa jẹun ọ̀sán. Mo ti fi kún un.