Sí Ẹbí Gbénró, lórí Ikú Ràsákì Tí Ó Mú Ilá Àgàn Ní Kóró

Ọgbà Ìwádìí Irúgbìn,
Agége.
Ọjọ́ kẹrin oṣù Júùnù, 1956.

Sí Bàbá Làsísì Gbénró, olórí ẹbí, ní Ògbómọ̀ṣọ́. Àti sí Ìyá Fàúsát, Sìlífátù, ìyàwó olóògbé.

Ẹ̀yin ẹbí wa,

Pẹ̀lú ìbànújẹ́ ọkàn tí kò jẹ́ kí a tètè rí ọ̀rọ̀ kọ ni àwa òṣìṣẹ́ Ọgbà Ìwádìí Irúgbìn, Agége, fi ń bá yín kẹ́dùn ikú Ràsákì Àjàní Gbénró, tí ó jáde láyé ní ọjọ́ kọkànlélógún ààwẹ̀ tí ó kọjá. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì ni. Ó bá wa ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́jọ, kò sì sí ọjọ́ kan nínú rẹ̀ tí a ní láti tún iṣẹ́ rẹ̀ ṣe.

Bàbá Làsísì, ìwé tí ẹ kọ sí wa tẹ̀ wá lọ́wọ́. Nínú rẹ̀ ẹ sọ pé Shuaib, alágbàṣe wa tí òun náà jẹ́ ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, ni ó fi májèlé pa àbúrò yín, àti pé kò gbọdọ̀ fi ẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀ ìlú náà mọ́ níwọ̀n ìgbà tí ẹ bá wà láàyè. A kò bínú sí ìwé náà. Ẹ̀gbọ́n tí ó sin àbúrò rẹ̀ ní ẹ̀tọ́ láti béèrè ohun tí ó pa á. Nítorí náà ìwé ìkẹ́dùn yìí yóò gùn ju bí ó ti yẹ lọ. A ó sọ iṣẹ́ tí Ràsákì ṣe, a ó sì sọ bí ó ti kú, nítorí pé iṣẹ́ náà àti ikú náà kò ṣeé yà sọ́tọ̀. Láti ibí yìí lọ, èmi tí mo fọwọ́ sí ìwé yìí ni yóò máa sọ̀rọ̀ ní orúkọ ara mi. Púpọ̀ nínú ohun tí mo fẹ́ sọ, èmi ni ó kàn.

Irú ilá méjì ni àwọn àgbẹ̀ ń gbìn ní agbègbè wa. Ọ̀kan máa ń yá so, ṣùgbọ́n àrùn máa ń tètè pa á. Èkejì, ilá ìròkò, máa ń pẹ́ kí ó tó so, ṣùgbọ́n ó lágbára, ó sì máa ń wà di ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ní ọdún 1951 a bu ìyẹ̀fun inú òdòdó ọ̀kan, a fi kan òdòdó èkejì. Ọmọ tí wọ́n bí ga ju òbí méjèèjì lọ. Ó yọ òdòdó dáadáa, ó sì so. Nígbà tí a la èso rẹ̀, kò sí kóró kan nínú wọn. Bí ìbaaka ni ó rí: ó lágbára, kò sì lè bímọ.

Ràsákì ni ó jókòó ti awò tí ó ń mú ohun tín-ín-rín tóbi, tí ó wá ìdí rẹ̀. Nínú gbogbo sẹ́ẹ̀lì, ìyẹn àwọn ìyàrá kéékèèké tí ó para pọ̀ di ara ewéko àti ara ènìyàn, àwọn fọ́nrán kan wà tí a ń pè ní krómósómù. Àwọn ni wọ́n ń gbé ìrísí òbí dé ara ọmọ. Kí ewéko tó lè ní kóró, fọ́nrán kọ̀ọ̀kan tí ó ti ọ̀dọ̀ bàbá wá gbọ́dọ̀ rí irú rẹ̀ tí ó ti ọ̀dọ̀ ìyá wá, kí wọ́n so pọ̀ ní méjì-méjì. Nínú ilá àdàlù wa, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò rí ẹnì kejì.

Iṣẹ́ kíka ni iṣẹ́ rẹ̀, kò sì rọrùn. Tábìlì rẹ̀ kò jìnnà sí ojú irin. Bí rélùwéè bá ń kọjá, gbogbo ohun tí ó wà lábẹ́ awò yóò máa gbọ̀n. Ó ti há àsìkò ọkọ̀ sórí. Bí a bá ń dà á láàmú pé iye dà, yóò ní, "Ẹ fara balẹ̀, ẹ jẹ́ kí ti Ìbàdàn kọjá ná." Fọ́nrán inú sẹ́ẹ̀lì kan ṣoṣo lé ní àádọ́jọ, ó sì máa ń ka sẹ́ẹ̀lì kan náà ní ẹ̀ẹ̀mẹrin. Bí iye mẹ́rẹ̀ẹ̀rin kò bá dọ́gba, yóò da gbogbo rẹ̀ nù. Mo bá a jiyàn nígbà kan pé kí a mú èyí tí ó sún mọ́ ọn. Ó dáhùn pé, "Ọ̀gá, ẹni tí kò bá kà á tán, kí ó má wí pé òun kà á." Ó jàre mi.

Oògùn kan wà tí a ń yọ láti inú òdòdó kan ní ilẹ̀ òkèèrè. Kọ́líṣísìn ni orúkọ rẹ̀. Nígbà tí sẹ́ẹ̀lì bá fẹ́ pín sí méjì, yóò kọ́kọ́ ṣe ẹ̀dà fọ́nrán kọ̀ọ̀kan. Lẹ́yìn náà àwọn okùn tẹ́ẹ́rẹ́ yóò fa ẹ̀dà kan lọ sí apá kan, èkejì sí apá kejì, ògiri yóò sì dìde láàárín wọn. Kọ́líṣísìn kì í dí ṣíṣe ẹ̀dà lọ́wọ́. Okùn tí ó ń fà wọ́n ni ó máa ń tú ká. Nítorí náà sẹ́ẹ̀lì tí ó yẹ kí ó di méjì yóò wà ní ẹyọ kan, yóò sì ru ẹrù méjì. Bí agbára oògùn bá ti lọ, yóò tún bẹ̀rẹ̀ sí í pín, ẹ̀ka tí ó bá hù láti ara rẹ̀ yóò sì ní ìlọ́po méjì fọ́nrán. Nínú ilá àdàlù, ìlọ́po méjì yìí ni ó fún fọ́nrán kọ̀ọ̀kan ní ẹnì kejì rẹ̀.

Ẹgbẹ̀ta ọ̀gbìn ni Ràsákì kán oògùn náà sí lórí ọ̀mùnú. Èyí tí ó pọ̀ jù kú. Mọ́kànlá yè. Ní oṣù Òkítóbà 1954 ó ka fọ́nrán tí ó lé ní ọ̀ọ́dúnrún nínú mẹ́ta lára wọn, ó sì la èso àkọ́kọ́. Kóró mẹ́rin ni ó wà nínú rẹ̀. Ó gbé wọn wá sórí tábìlì mi. Àwọn àgbẹ̀ Àgídìngbì àti ti ìletò Ọgbà ti ń gbin irú rẹ̀ báyìí.

Ohun tí oògùn náà ń ṣe nínú ewéko ni ó ń ṣe nínú ènìyàn. Ìfun wa àti ẹ̀jẹ̀ wa ń sọ ara wọn dọ̀tun lójoojúmọ́ nípa pípín sẹ́ẹ̀lì. Ewéko lè dúró de ìgbà tí agbára oògùn yóò lọ. Ara ènìyàn kò lè dúró. Kò sí ẹ̀rọ̀ rẹ̀ tí a mọ̀.

Ní ọdún tó kọjá, ìgò ọlọ́rùn tóóró tí a fi ń kán oògùn náà fọ́. Èyí tí a béèrè fún láti òkèèrè kò dé. Mo fọwọ́ sí i pé kí a ra bùtá kan ní ọjà Agége, nítorí pé ẹnu rẹ̀ tóóró, omi ń rọra jáde níbẹ̀. Kò sí ìyàtọ̀ láàárín rẹ̀ àti bùtá tí àwọn òṣìṣẹ́ fi ń ṣe àlùwàlá. A so òwú pupa mọ́ etí rẹ̀ fún àmì. Mo kọ àṣẹ mọ́ ara àpótí oògùn, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni mo sì fi kọ ọ́. Shuaib kò kàwé. Oṣù kan péré ni ó tíì lò pẹ̀lú wa kí ikú yìí tó ṣẹlẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó sọ ìtumọ̀ òwú pupa fún un. Èmi ni ó yẹ kí n sọ ọ́.

Ní ọjọ́ kẹtàdínlógún ààwẹ̀, mo lọ sí Ìkẹjà lọ́sàn-án nítorí apá kan ilẹ̀ wa tí wọ́n fẹ́ gbà fún ilé iṣẹ́ ẹ̀rọ. Kọ́kọ́rọ́ àpótí oògùn wà lápò mi. Nígbà tí Ràsákì kán oògùn sí àwọn ọ̀gbìn tuntun tán, kò rí ibi tì í mọ́. Ó gbé bùtá náà sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó sì padà sídìí awò. Shuaib wá gbálẹ̀. Ó rí bùtá tí omi wà nínú rẹ̀, tí ẹ̀yìn rẹ̀ dọ̀tí, tí òwú gbígbó kan wà létí rẹ̀. Ó já òwú náà sọnù. Ó fi iyanrìn fọ ẹ̀yìn bùtá títí ó fi dán, ó sì gbé e sí ẹ̀gbẹ́ ẹní ìrun kí àwọn aláàwẹ̀ lè rí omi ṣínu. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé ẹni tí ó bá fún aláàwẹ̀ ní omi ìṣínu ní làádà. Làádà ni ó ń wá.

Nígbà tí oòrùn wọ̀, àwọn méjèèjì nìkan ni ó kù nínú ọgbà. Shuaib bu omi fún Ràsákì ṣáájú, nítorí pé Ràsákì ni àgbà. Ràsákì gbé ẹnu méjì mì. Omi náà korò, ṣùgbọ́n ó rò pé ẹnu ààwẹ̀ ni ó korò. Shuaib bu tirẹ̀, ó gbé e dé ẹnu. Nígbà náà ni Ràsákì rí i pé bùtá àlùwàlá wà níbi tí ó máa ń wà lẹ́bàá àgbá omi, àti pé bùtá oògùn ni ó wà lọ́wọ́ wọn. Ó gbá ife náà dànù lọ́wọ́ Shuaib. Bí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, òkú méjì ni à bá sin. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ rò ó: ẹni tí ó mọ ohun tí ó wà nínú bùtá kò ní bu tirẹ̀ láti mu.

Mo pàdé Ràsákì ní ẹnu ọ̀nà ọgbà bí mo ti ń ti Ìkẹjà bọ̀. Ó sọ ọ́ fún mi bí ẹni tí ń jábọ̀ iye tí ó kà: ẹnu méjì ni òun mì, òun ti fi ìka bì í, ṣùgbọ́n òun rò pé èyí tí ó kù nínú òun pọ̀ jù. A gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ní Èkó. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì ara rẹ̀ dà bí ẹni tí kò ṣàìsàn. Nọ́ọ̀sì bi í léèrè ohun tí yóò jẹ. Ó ní ohunkóhun ni, kí wọ́n má ṣáà fún òun ní ọbẹ̀ ilá. Wọ́n rẹ́rìn-ín. Kí ó tó di ọ̀sán, ìrora náà bẹ̀rẹ̀.

N kò ní kọ ohun tí ojú wa rí fún ọjọ́ mẹ́ta tí ó tẹ̀lé e. Ìyá Fàúsát wà níbẹ̀. Iyè Ràsákì kò fi í sílẹ̀ rárá. Oníṣègùn bi mí léèrè níwájú rẹ̀ ohun tí òun lè ṣe sí i. Mo ti ka ohun gbogbo tí a kọ nípa oògùn yìí ní yunifásítì. Ràsákì ń wò mí.

Ní ọjọ́ kẹta, nígbà tí Ìyá Fàúsát jáde lọ pọn omi, ó ní, "Ọ̀gá, ẹ má jẹ́ kí wọ́n máa tan Ìyá Fàúsát pé ara mi ń yá. Mo mọ ohun tó ń ṣe nínú mi. Ọjọ́ ti pẹ́ tí mo ti ń wò ó." Ó wá ní, "Omi ni Shuaib fún mi. Ẹ má pè é ní nǹkan mìíràn."

Èmi nìkan ni mo gbọ́ ọ. N kò ní ẹlẹ́rìí. Èmi kan náà ni mo fọwọ́ sí rírà bùtá, tí mo kọ àṣẹ ní èdè tí ẹni tí ó nílò rẹ̀ kò gbọ́, tí mo sì mú kọ́kọ́rọ́ lọ. Ẹ lè wí pé mo purọ́ mọ́ òkú. Bí ẹ bá wí bẹ́ẹ̀, n kò ní ohun tí mo lè fi já yín nírọ́.

Ọlọ́pàá fi ọ̀rọ̀ wá Shuaib lẹ́nu wò fún ọjọ́ méjì, wọ́n sì dá a sílẹ̀. Ìdásílẹ̀ náà kò ràn án lọ́wọ́. Ní mọ́ṣáláṣí tí ó ń lọ ní Agége, àwọn ènìyàn kì í fi omi tí ó bá pọn ṣe àlùwàlá mọ́. Ìyá rẹ̀ wà ní Ògbómọ̀ṣọ́, kò jìnnà sí agbo ilé yín. Ó ti darúgbó, kò sì ríran dáadáa mọ́. Shuaib kò lè lọ wò ó, nítorí ọ̀rọ̀ tí ó ti ẹnu yín jáde. Ó ní kí n bá òun bẹ̀ yín. N kò mọ bí ẹni tí ó jẹ̀bi ṣe ń bẹ̀bẹ̀ fún ẹni tí kò jẹ̀bi, ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín.

Ní ti ohun tí ó wà ní ìkáwọ́ wa, kò pọ̀. Ìyá Fàúsát lè máa gbé inú ilé ọgbà níwọ̀n ìgbà tí ó bá fẹ́. Àwa ni yóò máa rán Fàúsát lọ sí ilé ìwé títí yóò fi parí girama. Ilá tí Ràsákì mú ní kóró ni a ti kọ sínú ìwé ọgbà ní orúkọ rẹ̀, Ilá Gbénró, orúkọ náà ni yóò sì máa jẹ́ lọ́wọ́ àwọn àgbẹ̀. Ìgò tí a béèrè fún dé ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá. A kò tíì lè tú àpótí rẹ̀.

Èmi àti òṣìṣẹ́ mẹ́fà yóò wà ní Ògbómọ̀ṣọ́ fún àdúrà ogójì ọjọ́. Shuaib kò ní sí lára wa, àfi bí ẹ bá ránṣẹ́ pé kí ó wá. Bí ẹ kò bá ránṣẹ́, a kò ní bi yín léèrè ìdí.

Kí Ọlọ́hun Ọba gba ààwẹ̀ tí Ràsákì kò rí parí, kí Ó sì tẹ́ ẹ sí afẹ́fẹ́ rere. Kí Ó tu Ìyá Fàúsát nínú ní ilé tí ó ṣófo mọ́ ọn lórí, kí Ó sì dúró ti ọmọ tí ó fi sílẹ̀. Bàbá Làsísì, kí Ó fún yín ní ìtùnú tí kò sí lọ́wọ́ wa láti fún yín. Kí Ó sì ṣàánú ẹni tí ó fi omi ṣaájò aláàwẹ̀, tí ó jókòó sí Agége lónìí, tí ó ń retí ọ̀rọ̀ kan láti ẹnu yín. Àmín.

Ní orúkọ gbogbo òṣìṣẹ́ Ọgbà,

Olúṣínà Fádípẹ̀,
Alábòójútó.