Egungun Tí O Ń Wọ̀n

Ìjẹ̀bú-Òde,
Oṣù Kẹta, 1986.

Bọ́dúnrìn àbúrò mi,

Mo kí ìwọ, ìyàwó àti àwọn ọmọ ní London. Orúnkún Màmá ṣì ń dùn wọ́n. Òjò ti ṣí páànù ilé ìdáná.

Kí Bàbá tó kú, fọ́tò egungun tí o fi ránṣẹ́ ni wọ́n ń fi han gbogbo àlejò: "Ìbátan àgbáǹréré ayé àtijọ́ nìyí. Erin òde òní ò ga dé èjìká ẹ̀. Ọmọ mi ló ń wọ̀n ọ́n."

Àkọ́bí ọkùnrin ló ń kọ́kọ́ da eèpẹ̀ sórí pósí bàbá ẹ̀. A dúró dè ọ́ títí, o ní iṣẹ́ egungun ò jẹ́. Èmi obìnrin ni mo dà á ní Sátidé.

Àìsàn ti jẹ Bàbá débi pé pósí ọmọdé gbà wọ́n. Tí o bá ráyè, wá hú egungun wọn, kí o fi wé ti ẹran rẹ.

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí àwọn ọmọ rẹ jọ ọ́.

Mọ́ṣádé, ẹ̀gbọ́n rẹ.