Ìrìn Bektur Nínú Òkùnkùn

Gulzada ọmọ mi,

Mo kí ọ láti At-Bashy, ìwọ tí mo pọ̀n tí mi ò sọ̀. Ṣé ara le? Ṣé abẹ́rẹ́ ẹ̀rọ ìránṣọ ò gún ọ lọ́wọ́ mọ́? Ọlọ́run á máa ṣọ́ ọ jáde, á máa ṣọ́ ọ wọlé. Àwa náà wà, àgùntàn wà, òjò dídì ti ń yọ́, orúnkún ń dun bàbá rẹ àmọ́ ẹnu rẹ̀ le koko.

Mo gbọ́ pé inú ń bí ọ nítorí fídíò. O ní kí n yé wọ aṣọ ọdún fún Bektur kí n tó ya fídíò rẹ̀, pé bó ṣe ń jẹun, bó ṣe ń sunkún, bó ṣe ń lé adìyẹ ni o fẹ́ rí, torí ọmọ rẹ ń dàgbà lẹ́yìn rẹ. Mi ò mọ̀ pé ọmọ tí ikun ń ṣàn nímú rẹ̀ ni wọ́n ń wò ní Bishkek tí o wà, ṣùgbọ́n mo gbà. Mo wá rò ó pé ọmọ tí kò tíì wẹ̀, tí fídíò rẹ̀ á gba inú afẹ́fẹ́ kọjá lójú gbogbo ayé, olójú burúkú lè rí i. Mo bá kun dúdú ìdí ìkòkò sí i níwájú orí bí a ti ń ṣe, mo sì kun díẹ̀ sí ojú fóònù náà, gíláàsì róbótó ẹ̀yìn rẹ̀ yẹn, torí mo rò pé ibẹ̀ ni wọ́n ń gbà wò ó.

Àṣé òun ni o fi ń rí òkùnkùn. Meerim ọmọ aládùúgbò wa ló nù ún kúrò, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Èmi ò lè rẹ́rìn-ín, torí inú òkùnkùn yẹn ni Bektur ti kọ́kọ́ rìn. Tún un gbọ́. Ìró pẹ́tẹ́ pẹ́tẹ́ yẹn, ẹsẹ̀ rẹ̀ ni, láti ìdí ààrò dé ọ̀dọ̀ bàbá rẹ. Ariwo tó tẹ̀lé e, èmi ni. Mo ní kó tún un rìn fún ọ, ó rìn, àmọ́ kì í ṣe ti àkọ́kọ́ mọ́. Ó dùn mí gan-an.

Bàbá rẹ ní ká so okùn mọ́ ọn lẹ́sẹ̀ bí a ti ń ṣe fún ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rìn, kí àwọn ọmọ àdúgbò sáré ìje, kí ẹni tó bá gba iwájú gé okùn náà, kí ìrìn rẹ̀ lè já geere. Mo ní rárá. Mo ti lọ́ okùn náà, funfun àti dúdú, ó wà lára ògiri. Bektur ṣì ń ṣubú lójoojúmọ́.

Owó tí o fẹ́ fi ra fóònù mìíràn fún mi, fi wọkọ̀ wálé. Tó bá ṣẹ́ kù, ra ṣúgà bọ̀, tiwa ti tán. Ọlọ́run á la ọ̀nà fún ọ. Ìwọ ni kí o sáré ìje náà, láti Bishkek. Mo ti ní kí àwọn ọmọ yòókù jókòó.

Ìyá rẹ,
Burul