Láwàní Bàbá Mi, Iṣẹ́ Bàbá Mi

Mọ́ńdè, 3 Júùnù
Ẹni tó bá rí Lakhan kó bá mi sọ fún un pé èmi Banwari kì í ṣe ẹgbẹ́ ẹ̀ mọ́. Ó ní mi ò lè ṣiṣẹ́ ìjọba láéláé, pé fóònù àlòkù ni màá tà ní ibùdókọ̀ títí màá fi kú. Ó dáa. Lánàá tó pé ọjọ́ kẹtàlá tí Bàbá kú, lójú gbogbo ẹbí, lójú òun náà tó wá jẹ halwa ọ̀fẹ́, àbúrò Bàbá wé láwàní Bàbá lé mi lórí. Èmi nìkan lọmọkùnrin. Èmi lolórí ilé. Bàbá ló ń tan ẹ̀rọ omi ìlú fún ìjọba. Ẹni tó bá sì kú sẹ́nu iṣẹ́ wọn, wọ́n máa ń gba ẹnì kan nílé ẹ̀. Ta lẹnì kan yẹn? Orí ta ni láwàní wà? Ọkùnrin kan láti ìlú Sikar tiẹ̀ ti ní òun máa fún mi lọ́mọ òun fẹ́.

Wẹ́sìdé, 5 Júùnù
Ọ́fíìsì omi. Bẹ́ǹṣì láti àárọ̀, ìdí ń ro mí. Akọ̀wé ibẹ̀ fi làálì kun irùngbọ̀n — Baba Làálì ni mo sọ ọ́. Ó lọ mu tíì, ó dé, ó tún lọ mu tíì. Mo wé láwàní lọ o. Kò tiẹ̀ wò ó. Ó ní kí n mú ìwé ẹ̀rí kíláàsì kẹwàá wá. Mo ní mo gbàgbé ẹ̀ sílé.
Kíláàsì keje ni mo gbàgbé ẹ̀ sí.

Tọ́sìdé, 6 Júùnù
Ooru. Mi ò ta nǹkan kan.

Mọ́ńdè, 10 Júùnù
Èmi, Màámi, àti Ọlọ́pàá — Kamlesh, àbúrò mi, ìbéèrè ẹ̀ ló pọ̀. Ọkọ ẹ̀ lé e padà wálé tòun tọmọ lọ́dún tó kọjá. Ó kàwé dé kíláàsì kejìlá.
Baba Làálì sọ fún Màámi pé, "Ẹ̀ẹ̀kan péré ni o, Màmá. Tẹ́ ẹ bá mú ẹni tí ò níwèé wá, ó tán nìyẹn." Ilé tá à ń gbé náà, ilé ọ́fíìsì ni. Tí kò bá sẹ́ni tó wọlé síṣẹ́, ká kó jáde.
Ó bi wá pé ta ló kàwé nílé. Mo ní kò sí.
Kamlesh ló ń bá Màámi kọ fọ́ọ̀mù lọ́wọ́. Kò gbójú sókè.

Sátidé, 15 Júùnù
Ẹnì kan ń tẹ ayédèrú ìwé ẹ̀rí ní ibùdókọ̀. Ó ní tí wọ́n bá mú mi, òun ò mọ̀ mí rí. Mo ní kó jẹ́ n rò ó.

Sọ́ńdè, 16 Júùnù
Màámi gbọ́. Mi ò mọ ẹni tó sọ fún un. Kò pariwo, ó ń ṣa ẹ̀wà lọ.
"Banwari, ìwọ lo ni láwàní yẹn. Kò sẹ́ni tó máa gbà á lórí ẹ. Tí wọ́n bá wá lé wa jáde, ibo la máa gbé e kọ́ sí?"
Mo tú láwàní, mo tún un wé.
Tí Kamlesh bá máa gba iṣẹ́ Bàbá, àfi kí èmi olórí ilé bọwọ́ lù ú pé mo fara mọ́ ọn. Òun fúnra ẹ̀ wá bá mi lẹ́yìnkùlé. "Bọ̀dá, tẹ́ ẹ bá bọwọ́ lù ú, màá lọ. Tẹ́ ẹ ò bá bọwọ́ lù ú, mi ò ní bẹ̀ yín." Ọlọ́pàá ni lóòótọ́.

Fúráìdé, 21 Júùnù
Mo bọwọ́ lù ú. Mo kọ ọ́ gbàgàdà bíi ti ọ̀gá. Baba Làálì wá wo láwàní mi. Ó ní ó yẹ mí.

Wẹ́sìdé, 17 Júláì
Wọn ò tíì pè wá. Ó ti sú mi.

Mọ́ńdè, 12 Ọ́gọ́ọ̀sì
Wọ́n ti gba Kamlesh. Ọjọ́ àkọ́kọ́ ẹ̀ níbi iṣẹ́ nìyí. Mo fi ọ̀kadà gbé e lọ. Abọ́ oúnjẹ Bàbá ló gbé dání. Ẹ̀ṣọ́ ẹnu géètì, ọ̀rẹ́ Bàbá, dìde, ó na ọwọ́ méjèèjì sí mi: "Ọ̀gá kékeré, káàbọ̀. Àyè bàbá ẹ rèé."
Mo ní, "Èmi kọ́, bàbá. Ẹni tó wà lẹ́yìn mi ni."
Kamlesh sọ̀ kalẹ̀, ó gbé aṣọ borí, ó wọlé. Kò wẹ̀yìn.
Mi ò tíì dé ibùdókọ̀ tí Lakhan fi pè: ṣé olórí ilé ti di awakọ̀? Ó tún pè. Ọkùnrin Sikar náà pè, ó fẹ́ mọ ọjọ́ tí mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́.
Mo ti pa fóònù.