Ẹ̀rọ Géèmù Mi Ti Gba Abẹ́rẹ́ Pé

Ilé Bámgbóyè,
Aráròmí-Odò, lẹ́bàá Ìkirè.
Ọjọ́rú.

Títílọpẹ́ ọmọ mi,

Mo kí ọ kú iṣẹ́ ọsibítù, mo kí ọ kú àìsùn, mo kí ọ kú ìdúró, mo tún kí ọ kú wíwa mọ́tò láti Dacula dé Decatur ní Amẹ́ríkà lọ́hùn-ún lójoojúmọ́ ayé. Ọlọ́run tó ń ṣọ́ àwọn aláìsàn tí ò ń tọ́jú kò ní gbàgbé ẹni tó ń tọ́jú wọn. Ọwọ́ rẹ kò ní gbọ̀n, ẹsẹ̀ rẹ kò ní wú, mọ́tò rẹ kò sì ní kọṣẹ́ lórí títì ńlá yẹn tí ẹnikẹ́ni kì í ti í dúró kí ẹnìkejì. Mo kí ọkọ rẹ. Mo kí Seth ọmọ rẹ àgbà ní yunifásítì. Mo kí àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì yín tí wọ́n gbé kúlà ìrẹsì wá nígbà tí mo dé ọ̀dọ̀ yín. Pàápàá jù lọ, bá mi kí àwọn wolé-wolé ẹ́sítéètì yín, àwọn tó máa ń kọ lẹ́tà síni pé koríko iwájú ilé ti ga ju bó ṣe yẹ lọ. Mo mọ̀ pé ẹ ò fẹ́ràn wọn, ọkọ rẹ tilẹ̀ ya lẹ́tà wọn lójú mi, ṣùgbọ́n ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n ni mo fi ṣe iṣẹ́ wolé-wolé fún ìjọba ìbílẹ̀, mi ò sì tíì rí ẹni tó mọ iṣẹ́ náà tó wọn.

Àlàáfíà la wà níbí. Ìyá rẹ ní kí n kí yín, ó ní oògùn orúnkún tí o fi ránṣẹ́ ń ṣiṣẹ́, òun ti ń dá lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Òjò rọ̀ dáadáa lọ́dún yìí, àgbàdo ti yọmọ. Lìádì aládùúgbò wa ti fi páànù tuntun bolé, ó wá gbé dúrọ́ọ̀mù mẹ́ta sábẹ́ ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀, kò dé e. Mo yọjú sí i, tanwíjí ń jó níbẹ̀ bí ẹni ń ṣe ìyàwó. Mo bá a wí, ó ní Bàbá, ṣebí ẹ ti fẹ̀yìntì. Mo ní èmi ti fẹ̀yìntì, ṣé ẹ̀fọn náà fẹ̀yìntì ni? Ó ti wá fi páálí dé wọn báyìí.

Ó tó gẹ́ẹ́. Ohun tó jẹ́ kí n mú bírò nìyí. Lọ́jọ́ Ìsinmi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn tí o pè wá, o sọ ọ̀rọ̀ kan bí ẹni tí kò sọ nǹkan kan. O ní Praise àbúrò Seth ń sunkún, pé Bàbá Àgbà ti géètì oko mọ́ òun nínú géèmù, pé bóyá Bàbá Àgbà kò fẹ́ bá òun ṣeré mọ́. O wá ní kí n má da ara mi láàmú, pé tí ọjọ́ ìbí rẹ̀ bá dé lóṣù tó ń bọ̀, wàá ra ẹ̀rọ géèmù tuntun fún un, èyí tó lòde, yóò sì gbàgbé ti àtijọ́. Kí n tó lanu, o ní o ti dé ẹnu ọ̀nà ọsibítù, o ní o máa pe pa dà. Títílọpẹ́, mo pa oúnjẹ ọ̀sán ọjọ́ yẹn tì. Ìyá rẹ bi mí pé kí ló dé, mo ní kò sí nǹkan, ó ní irọ́ ni. Ìdí tí mo fi ń kọ lẹ́tà nìyẹn, nítorí lórí fóònù o máa ń ní o ń bọ̀, o kì í sì í bọ̀. Ẹni tó gba lẹ́tà kò lè ní òun ti dé ẹnu ọ̀nà ibi kankan.

Ṣé o mọ bí oṣù mẹ́fà tí mo lò lọ́dọ̀ yín ṣe rí? Ẹ ò mọ̀, torí ẹ kì í sí nílé. Kí ilẹ̀ tó mọ́ tán, ẹ ti bọ́ sínú mọ́tò, ilé á wá pa lọ́lọ́. Mo jáde síta, mi ò rí èèyàn. Ilé aláràbarà lọ rẹrẹẹrẹ, kò sí ẹni tí mo lè kí kú àárọ̀. Lọ́jọ́ kan mo kí ọkùnrin kan tó ń mú ajá rìn, ajá nìkan ló dáhùn. Praise ló gbà mí. Bó bá ti dé láti ilé ìwé, á ju báàgì sílẹ̀, á gbé ẹ̀rọ géèmù kékeré tí Seth ti pa tì lé mi lọ́wọ́, èyí tó ń ṣí tó ń pa dé bí ìwé, á mú tirẹ̀ náà tí wọ́n jọ jẹ́ irú kan náà, a ó sì kọrí sóko. O rò pé eré lásán ni. Oko gidi ni. Mo nílé níbẹ̀, mo ní igi ọsàn mẹ́jọ, ewúrẹ́ kan tó ń wọ ṣẹ́ẹ̀tì ló múlé tì mí, ó máa ń da ìdọ̀tí sẹ́yìnkùlé, mo sì ti kìlọ̀ fún un lẹ́ẹ̀mejì.

Ní oko mi, Yorùbá là ń sọ. Mo ti sọ fún Praise láti ọjọ́ kìíní pé ẹni tó bá fi òyìnbó kan géètì, mi ò ní ṣí i. Ó kọ́ ẹ kú iṣẹ́, ó kọ́ ẹ wọlé, ó kọ́ koríko àti ọsàn àti agbè ìbomirin. Kíláàsì Yorùbá tí ẹ sanwó rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, kí ló mú bọ̀ níbẹ̀ ju orin lọ? Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tó jókòó sórí kápẹ́ẹ̀tì tó ní, Bàbá Àgbà, koríko yìí mà pọ̀ o, ìwọ náà dúró ní kíṣìnì, o fi aṣọ ìnuwọ́ nujú. O rò pé mi ò rí ọ ni. Kí n tó gbé ẹ̀rọ náà wọ ọkọ̀ òfuurufú bọ̀ wálé, mo ṣe ìlérí fún un pé gbogbo Sátidé, aago mọ́kànlá àárọ̀ tiyín, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ tiwa, a ó máa pàdé lóko.

Sátidé mẹ́ta la fi pàdé láìsí wàhálà. Mo máa ń gun òkè tí ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ wà, torí ibẹ̀ nìkan ni nẹ́tíwọ̀kì ti máa ń dúró. Sátidé kẹrin, mo kan géètì Praise, ẹ̀rọ kọ̀. Ó kọ ọ̀rọ̀ síwájú mi pé tèmi àti ti ẹni tí mo fẹ́ lọ kí kò dọ́gba mọ́, àfi kí n lọ gba update. Mo kọ́kọ́ rò pé Praise ló ń bínú, torí mo ti ṣèèṣì gé ọ̀kan lulẹ̀ nínú àwọn igi rẹ̀. Òun náà kan tèmi, kò ṣí, ó rò pé èmi ni mò ń bínú. Bí àgbà àti ọmọdé ṣe di kùnrùngbùn sínú láìṣẹ̀ láìrò nìyẹn.

Ìyá rẹ ní kí n gbé ẹ̀rọ náà jù sínú àpótí, kí n lọ wo ebè iṣu mi. Èmi jókòó, mo ronú, ó sì yé mi. Ṣé o rántí ọ̀sẹ̀ tí a mú Praise lọ sí ilé ìwé tuntun, tí obìnrin ọ́fíìsì ní láìsí fọ́ọ̀mù abẹ́rẹ́ àjẹsára, kò sí wíwọlé? O sáré mú un lọ gba ẹyọ kan tó kù, wọ́n sì ṣílẹ̀kùn. Ohun kan náà gan-an nìyí! Update ni abẹ́rẹ́ àjẹsára ẹ̀rọ. Èyí tí kò bá gbà á, wọn ò ní jẹ́ kó dà pọ̀ mọ́ àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, kó má lọ kó nǹkan ràn wọ́n. Ojú tì mí. Èmi tí mo tẹ̀ lé àwọn nọ́ọ̀sì abẹ́rẹ́ sọdá odò láti ilé dé ilé, tí mo ń bá àwọn ìyá ọlọ́mọ jà, èmi ni mo wá jẹ́ kí ti ọwọ́ mi pẹ́! Lójú ẹsẹ̀ mo gé páálí ọṣẹ ṣe káàdì abẹ́rẹ́, mo fi rúlà falà sí i, mo kọ orúkọ ẹ̀rọ, orúkọ òbí, ọjọ́ abẹ́rẹ́ àti ìfọwọ́sí. Mo sì gbé ẹ̀rọ náà jìnnà sí fóònù ìyá rẹ, torí mi ò mọ ìgbà tí fóònù yẹn gba tirẹ̀ kẹ́yìn.

Latifah lorúkọ obìnrin tó ni ṣọ́ọ̀bù kọ̀ǹpútà nítòsí gáréèjì Ìkirè. Obìnrin jẹ́jẹ́ ni, àfi pé ẹ̀rín máa ń pa á. Lọ́sẹ̀ tó kọjá tí mo kọ́kọ́ débẹ̀, ẹ̀rọ bi mí bóyá mo ti ju ọmọ ọdún mẹ́tàlá lọ. Mo yọ ìwé ọjọ́ orí tí mo bura sí ní kóòtù, mo gbé e kojú rẹ̀ kó rí i dáadáa. Latifah ní Bàbá, ẹ kàn tẹ bẹ́ẹ̀ ni. Mo ní ṣé wọ́n máa gbà mí gbọ́ báyẹn? Òfin rẹpẹtẹ tẹ̀ lé e, mo ka gbogbo rẹ̀ tó wákàtí méjì. Latifah ní láti ọjọ́ tí òun ti ṣí ṣọ́ọ̀bù, òun ò tíì rí ẹni tó kà á rí. Mo ní ìyẹn ló ń bà wá jẹ́ ní ìlú yìí. Lẹ́yìn náà ẹ̀rọ ní kò sí àyè. Mo yọ ọ́ kúrò nínú àpò kékeré tí ìyá rẹ rán fún un, mo gbé e sínú báàgì aláwọ ńlá tí mo fi ń lọ síṣẹ́ nígbà ayé ìjọba. Ó ṣì ní kò sí àyè. Latifah rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀, ló bá ṣàlàyé pé inú ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ ló kún. La bá yọ géèmù bọ́ọ̀lù Seth kúrò, kò sóhun tá a lè ṣe. Bá mi bẹ̀ ẹ́. Update ti dé mọ́kànléláàádọ́rùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún nígbà tí wọ́n mú iná lọ. Ó bà jẹ́ nìyẹn, gbogbo rẹ̀ pa dà sí òdo. Nígbà tí mo délé, ìyá rẹ bi mí pé ṣé ọmọ mi kò rí abẹ́rẹ́ gbà ni.

Ṣùgbọ́n lánàá, ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ìyá rẹ yìí kan náà ló jí mi, ó ti di ẹ̀kọ àti mọ́ínmọ́ín sínú ike fún mi, ó ní kí n tètè lọ kí wọ́n tó mú iná lọ. Latifah ti ra epo sí jẹnẹrétọ̀ sílẹ̀ dè mí. Ó wọlé díẹ̀díẹ̀. Nígbà tó dé ìdajì, ara ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í gbóná, àyà Latifah já, mo ní kó fọkàn balẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni abẹ́rẹ́ ṣe máa ń ṣe wọ́n, yóò rọlẹ̀ kó tó di alẹ́. Mo ń fi káàdì fẹ́ ẹ. Nígbà tó pé ọgọ́rùn-ún, mo pariwo, gbogbo èèyàn ṣọ́ọ̀bù pàtẹ́wọ́.

Ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ kan tún jáde lójú ẹ̀rọ. Latifah kà á, ojú rẹ̀ rẹ̀wẹ̀sì. Ó ní Bàbá, ẹ má bínú o, àwọn tó ni géèmù yìí ní èyí ló kẹ́yìn, pé ẹ̀rọ yín ti di ti àtijọ́, àwọn ò ní fún un ní òmíràn mọ́ láéláé. Ó ń wò mí bí ẹni tó fẹ́ bá mi kẹ́dùn. Títílọpẹ́, mo fò sókè! Mo ní ṣé ìwọ ò mọ ohun tí ìyẹn jẹ́ ni? Ọmọ tó gba èyí tó kẹ́yìn, káàdì rẹ̀ ti pé nìyẹn, a kì í kẹ́dùn lé e lórí, ńṣe la máa ń ní kí ìyá rẹ̀ ra bísíkíìtì fún un. Ti Praise ti dé òpin, tèmi náà ti bá a níbẹ̀. Kò sí èyí tó tún máa sáré ṣáájú èkejì. Kò tún sí ọjọ́ tí ẹnikẹ́ni máa sọ fún wa pé a ò dọ́gba. Latifah ronú sí i, ó gba bírò lọ́wọ́ mi, ó sì fọwọ́ sí káàdì náà.

Nítorí náà, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ ọ́, má tíì ra tuntun yẹn. Mo mọ̀ pé ẹ̀rín ọmọ rẹ lò ń wá. Ṣùgbọ́n tó bá bọ́ sínú tuntun, àtijọ́ ni èmi máa wà, Sátidé wa á sì tán. Mo ti di ẹni ọdún mọ́kàndínlọ́gọ́rin, mi ò lè sáré bá a débẹ̀. Ẹ̀rù ń bà mí, mi ò ní parọ́ fún ọ. Tó bá jẹ́ pé o ti rà á, kò burú, gbé e pamọ́ ná, jẹ́ ká lo Sátidé mélòó kan sí i. Lọ́jọ́ tí òun fúnra rẹ̀ bá ní oko ti sú òun, mi ò ní bínú.

Nínú owó tí o fẹ́ fi ra tuntun yẹn, fi díẹ̀ ránṣẹ́ sí mi fún dátà àti sólà kékeré tí wọ́n fi ń ṣáàjì. Fi ti bàtà ìyá rẹ kún un, torí ó ní tí mo bá tọrọ ti géèmù tí mi ò tọrọ ti bàtà òun, inú kànga ni òun máa ju ẹ̀rọ náà sí, mo sì mọ̀ ọ́n, ó máa ṣe é. Latifah ló máa ya fọ́tò ojú ìwé wọ̀nyí ránṣẹ́ sí ọ lórí WhatsApp, mo ti fi nọ́ńbà sí wọn kí wọ́n má baà dàrú lójú ọ̀nà.

Ọlọ́run á bù kún iṣẹ́ ọwọ́ rẹ. Ilẹ̀ tí o lọ gbé kò ní jẹ ọ́ mọ́ wa lọ́wọ́. Àwọn ọmọ tí o bí kò ní jìnnà sí ọ tó bí o ṣe jìnnà sí mi. Lọ́jọ́ tí ìwọ náà bá darúgbó, wàá kan ilẹ̀kùn wọn, wọ́n á sì wà nílé.

Èmi ni bàbá rẹ,
J. A. Bámgbóyè,
wolé-wolé tó fẹ̀yìntì.

Kí o ka èyí fún Praise: Praise ọmọ mi, Bàbá Àgbà kò ti géètì mọ́ ọ rí. Ìta ni èmi náà wà, mò ń kan ilẹ̀kùn. Aago mọ́kànlá Sátidé, mo ti débẹ̀. Koríko oko rẹ á ti pọ̀, má dá a ro, a jọ máa ro ó ni.

Títílọpẹ́, bó ṣe wà yìí ni kí o kà á, má sọ ọ́ di òyìnbó fún un. Èyí tí kò bá yé e, kó bi mí ní Sátidé.