Òrí Lára Okùn Mama Helga

Ẹ kú ilé o, Mummy mi. Ọmọ yín kúnlẹ̀ kí yín láti Thamesmead, nínú òtútù tó ń ta ni létí. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́: wọn ò lé mi níbi iṣẹ́ o! Ẹ já ààwẹ̀ tí ẹ ń gbà nítorí mi.

Mo mọ̀ pé ẹkún tí mo ń sun lórí fóònù lọ́jọ́sí ò jẹ́ kí ọ̀rọ̀ mi yé yín. Mama Helga, ìyá ará Jámánì tí mò ń tọ́jú ní Yarnton Way, ní ohun èlò orin kan tí wọ́n ń pè ní zither. Orí tábìlì ni wọ́n ń tẹ́ ẹ sí. Okùn rẹ̀ lé ní ọgbọ̀n, òrùka tí wọ́n ń fi sí àtàǹpàkò ni wọ́n sì fi ń ta á. Ìyá tó bí i ló fi sílẹ̀ fún un. Ìka tó ń ro ó ni kì í jẹ́ kó ta á mọ́, eruku sì ti bò ó. Ni mo bá nù ún. Mo rí i pé igi rẹ̀ gbẹ, mo rántí yín, ẹ̀yin tí ẹ máa ń fi òrí pa gbogbo nǹkan, títí kan àga Daddy. Mo bu òrí tí ẹ fi ránṣẹ́, mo fi pa igi, mo fi pa okùn. Ó ń dán gbinrin! Mo tún ń yin ara mi.

Lọ́jọ́ kejì, ó ní kí n gbé e wá kóun gbìyànjú. Gbì, gbì ló ń dún, òrí ti pa ohùn okùn. Ó béèrè ẹni tó fọwọ́ kàn án. Àwa mẹ́ta là ń tọ́jú rẹ̀, mo lè dákẹ́, torí iṣẹ́ yìí ni vísà mi so mọ́. Àmọ́ ọmọ tí ẹ bí ò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Mo kúnlẹ̀, mo jẹ́wọ́. Ó bi mí pé kí ni mo ń wá nílẹ̀! Nígbà tó yé e, inú bí i, ó ní kí n gbé e kúrò níwájú òun. Inú bọ́ọ̀sì ni mo ti pè yín.

Àná, mo tún padà síbẹ̀. Kò tíì pe ọ́fíìsì tó gbà mí síṣẹ́ láti fẹjọ́ mi sùn. Ọmọ rẹ̀ ti ra okùn tuntun wá, èmi àti Mama Helga la jọ pààrọ̀ rẹ̀. Ó ń júwe, mo ń lọ́ ọ. Ó ní inú ti bí òun tán, pé ẹni tó lè jẹ́wọ́ lè máa wọlé òun. Lẹ́yìn náà ló ní òrí yẹn dà, ó sì na ọwọ́ méjèèjì sí mi. Mo fi pa ìka rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, mo ń fọwọ́ ra á díẹ̀díẹ̀, bí ẹ ṣe máa ń ra orúnkún Màmá Àgbà. Ó wọ òrùka, ó ta orin kúkurú kan. Ó ṣì í lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ń rẹ́rìn-ín. Mummy, ara tù mí!

Ẹ ó jẹun ọmọ pẹ́ láṣẹ Olúwa. Ẹ bá mi kí Daddy àti gbogbo ará ilé. Òrí ti tán o. Mama Helga ní kí n bẹ̀ yín, kí ẹ fi òmíràn ránṣẹ́. Ó ní ọwọ́ òun nìkan ni kí n máa fi pa.

Èmi ni ọmọ yín,
Bùkọ́lá